Nígbà tí ọjà epo gbòòrò tí owó ẹyọ wálẹ̀: ta ló jèrè?

  Ọ̀rọ̀ owó ni a fẹ́ sọ lónìí, owó àtijọ́ àti owó ìsinsìnyí.

Bí ọ̀rọ̀ olówó àti tálákà bá délẹ̀ láàárín wa, gbólóhùn kan ni a sábà fi ń pa ara wa lẹ́nu mọ́: "Ìka ọwọ́ ò dọ́gba." Òwe náà dára, òótọ́ sì ni. Ṣùgbọ́n ìka ọwọ́, bí Ọlọ́run ṣe dá a ló ṣe wà. Kò sí ẹni tó lè sọ ọdún tí ìka àárín bẹ̀rẹ̀ sí í gùn ju ọmọńdinrín lọ. Ti owó yàtọ̀. Ó ní ìgbà tí àlàfo àárín ilé olówó àti ilé tálákà fẹ̀ sí i ní agbègbè wa, ó ní ohun tó fà á, ó sì ní àwọn tó jèrè rẹ̀. Bí a bá fi òwe parí ọ̀rọ̀ kí a tó wo ìtàn, a ti sọ iṣẹ́ ọwọ́ ènìyàn di àmúwá Ọlọ́run.

Ìtàn tí a fẹ́ sọ ni ti epo pupa àti owó ẹyọ ní ọ̀rúndún 19. Láàárín nǹkan bí 50 ọdún, ọjà epo ní etíkun wa gbòòrò ju bí ó ti rí tẹ́lẹ̀ lọ. Láàárín ìgbà kan náà, owó ẹyọ tí tọmọdé tàgbà ń ná pàdánù èyí tó pọ̀ jù nínú agbára rẹ̀. Ohun méjèèjì yìí bá ara wọn tan. Ọjà tó ń gbòòrò náà ló gbé ẹyọ tuntun wọlé, ẹyọ tuntun ló sì sọ ti àtijọ́ di aláìníláárí.

Epo gba ipò ẹrú

Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ láti ibi tó ti wá. Fún ìgbà pípẹ́, ènìyàn ni ọjà tó ń jáde jù ní etíkun Wìdà, Àjàṣẹ́ àti Àgbádárìgì. Ní 1807 àwọn Gẹ̀ẹ́sì fi òfin de òwò ẹrú láàárín àwọn èèyàn tiwọn, ṣùgbọ́n ó pẹ́ kí òwò náà tó tán ní etíkun wa. Bí ó ti ń lọ sílẹ̀ ni epo pupa ń gòkè. Ilé iṣẹ́ ńláńlá ti ń dìde ní Yúróòpù nígbà náà, wọ́n nílò epo láti ṣe ọṣẹ, láti ṣe àbẹ́là, àti láti fi pa ẹ̀rọ kí ó má baà yi. Epo pupa tó dé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì láti Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà ní 1810 kò ju bí tọ́ọ̀nù 1,000 lọ. Ní 1855, ó ti lé ní 40,000. Àwọn Faransé náà kò jókòó. Ní 1841, ilé òwò Régis láti Marseille fìdí kalẹ̀ sí Wìdà láti máa ra epo.

Àwọn kan nínú àwọn òpìtàn sọ pé ọjà epo yìí mú ìdọ́gba wá, wọ́n sì ní ẹ̀rí. Òwò ẹrú, ọba àti balógun ló ń ṣe é, nítorí ó gba ìbọn, ó gba ẹṣin, ó gba ọmọ ogun. Epo kò rí bẹ́ẹ̀. Agboolé kékeré tó bá ní ọ̀pẹ, ìkòkò, omi àti igi ìdáná lè fún epo tirẹ̀ kí ó sì gbé e lọ sí ọjà. Àwọn obìnrin ló ń fún un, àwọn ló ń pa èkùrọ́, ní ọ̀pọ̀ ilé sì ni owó èkùrọ́ jẹ́ tiwọn. Mẹ̀kúnnù tí kò lè fọwọ́ kan ọjà òyìnbó tẹ́lẹ̀ wá ń ra aṣọ, iyọ̀ àti irin. Èyí kì í ṣe nǹkan kékeré, a kò sì gbọ́dọ̀ fojú tẹ́ńbẹ́lú rẹ̀.

Ṣùgbọ́n ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ. Epo pupa wúwo, iṣẹ́ inú rẹ̀ sì pọ̀. Ẹnìkan ní láti gun ọ̀pẹ, ẹnìkan ní láti pọn omi, ẹnìkan ní láti se ẹyìn kí ó sì gún un. Lẹ́yìn náà ni wọ́n ó fi orí rù ú lọ sí etí ọ̀sà, níbi tí ọkọ̀ ojú omi ti lè gbé e. Ẹni tó ní ọwọ́ púpọ̀ nílé ni yóò ní epo púpọ̀ lọ́jà. Báwo ni ènìyàn ṣe ń ní ọwọ́ púpọ̀ láyé ìgbà náà? Ẹrú tí wọn kò tà lọ sí Brazil àti Cuba mọ́ ni wọ́n dá dúró sílé láti ṣiṣẹ́ epo.

Domingo Martins, oníṣòwò ará Brazil tó di ọlọ́rọ̀ nídìí òwò ẹrú ní etíkun wa, tún di ọ̀kan nínú àwọn tó ń ta epo jù kó tó kú ní 1864. Ọba Gezo ti Dàhòmì, tó jọba láti 1818 sí 1858, náà fi ẹrú sí oko ọ̀pẹ. Nígbà tí ogun Dàhòmì wá fọ́ Kétu ní 1886, wọ́n kó ọ̀pọ̀ nínú àwọn èèyàn wa lọ sí agbègbè Àgbómẹ̀. Ẹ wo ohun tí èyí túmọ̀ sí: ẹni tó ń fún epo ní Kétu tó sì ń ná owó rẹ̀ fúnra rẹ̀ lè wá di ẹni tó ń ṣiṣẹ́ oko fún olúwa kan tí kò mọ̀ rí. Ọjà kan náà ni. Nínú rẹ̀, ẹnìkan ń ta epo, iṣẹ́ ọrùn ẹlòmíràn sì ni ó ń tà.

Ẹyọ tó ti òkun mìíràn wá

Nísinsìnyí, ẹ jẹ́ ká wá sórí owó. Ogójì ẹyọ ni wọ́n ń sín sórí okùn kan. Àádọ́ta okùn jẹ́ ẹgbàá, ìyẹn 2,000. Ẹgbàá mẹ́wàá jẹ́ ọ̀kẹ́ kan, ìyẹn 20,000. Bí a ṣe ń ka ọ̀kẹ́ nínú ìṣirò Yorùbá títí dòní, àpò owó ẹyọ ló ti wá. Owó yìí wúlò fún mẹ̀kúnnù ju gbogbo owó yòókù lọ, nítorí ó lè kéré tó iye ata tí ènìyàn fẹ́ fi se ọbẹ̀ alẹ́. Kì í jẹrà, kì í ṣí, iná kì í tètè pa á run, kò sì rọrùn láti ṣe ayédèrú rẹ̀. Nítorí náà ni àwọn àgbà fi ń kó o sínú ìkòkò tí wọ́n sì ń rì í mọ́lẹ̀.

Láti ìbẹ̀rẹ̀, erékùṣù Maldives tó wà ní Òkun Íńdíà ni ẹyọ kékeré tí a ń ná ti ń wá. Ọ̀nà rẹ̀ jìn, iye tó ń wọlé kò sì pọ̀ jù. Ẹgbàá kan ni wọ́n ń gbà fún dọ́là fàdákà kan ní etíkun Dàhòmì ní nǹkan bí 1850. Ṣùgbọ́n láti 1845 ni ilé òwò kan láti Hamburg, ní ilẹ̀ Jámánì, ti rí ọ̀nà mìíràn. Ẹyọ wà ní etíkun Zanzibar lápá ìlà-oòrùn Áfíríkà, ó tóbi ju ti Maldives lọ, ó wúwo jù ú lọ, owó pọ́ọ́kú sì ni wọ́n ń rà á níbẹ̀. Wọ́n kó o yí gúúsù Áfíríkà ká dé ọ̀dọ̀ wa, wọ́n sì fi ra epo. Èrè tí wọ́n rí kò ṣeé fẹnu sọ. Kò pẹ́ tí àwọn ilé òwò mìíràn láti Hamburg àti Marseille fi dara pọ̀ mọ́ wọn, tí ọkọ̀ ń já ọ̀pọ̀ ẹgbẹ̀rún tọ́ọ̀nù ẹyọ sílẹ̀ ní etíkun wa.

Ẹ rò ó wò. Bí ẹnìkan bá lè lọ ṣa owó ní etí òkun ìlú mìíràn, kí ó fi ra òógùn ojú ẹni tó gun ọ̀pẹ ní Sakété, báwo ni owó náà yóò ṣe pa iyì rẹ̀ mọ́? Kò sí ọba kan ní Àjàṣẹ́ tàbí ní Kétu tó lè dá ọkọ̀ wọ̀nyẹn padà. Ẹyọ ń pọ̀ sí i, iye rẹ̀ sì ń wálẹ̀. Kí ọ̀rúndún náà tó parí, owó ẹyọ tí ènìyàn ní lọ́wọ́ kò tó ìdá kan nínú mẹ́rin iye tó jẹ́ ní 1850.

Ìkòkò tí a rì mọ́lẹ̀

Ibí yìí ni ọ̀rọ̀ olówó àti tálákà ti wọlé. Nígbà tí owó bá ń wálẹ̀, kì í wálẹ̀ lórí gbogbo ènìyàn bákan náà. Ohun tí oníkálukú ní lọ́wọ́ ló máa sọ bí yóò ṣe rí.

Ẹ jẹ́ ká fi àpẹẹrẹ kan wò ó. Ká sọ pé ìyá kan ń pa èkùrọ́ fún ọ̀pọ̀ ọdún, tó sì kó ọ̀kẹ́ kan jọ ní 1850. Tó bá gbé e lọ sí ọjà lọ́jọ́ náà, dọ́là fàdákà mẹ́wàá ni yóò gbà. Ṣùgbọ́n kò gbé e lọ. Ó fẹ́ fi ṣe ìgbéyàwó ọmọ, ó fẹ́ kí òun ní ohun tí wọn yóò fi sin òun. Ó rì í mọ́lẹ̀. Nígbà tí àwọn ọmọ rẹ̀ wá hú u jáde ní ogójì ọdún lẹ́yìn náà, ọ̀kẹ́ náà pé, ẹyọ kan ṣoṣo kò dín. Àmọ́ kò tó dọ́là méjì ààbọ̀ mọ́. Olè kò jà wọ́n, iná kò jó wọn, ọmọ kò ṣe ìnákúnàá. Wọ́n kàn jí lọ́jọ́ kan ni, tí ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin iṣẹ́ ìyá wọn ti lọ.

Ẹ wá wo ẹnìkejì rẹ̀, oníṣòwò ńlá ní etí ọ̀sà Àjàṣẹ́. Owó ẹyọ kì í pẹ́ lọ́wọ́ tirẹ̀. Bó bá ti gbà á lónìí, ó ti fi ra epo lọ́la. Aṣọ, ọtí, fàdákà, ilẹ̀, ilé àti ẹrú ni ọrọ̀ rẹ̀ wà nínú wọn, kò sì sí ọ̀kan nínú wọn tó wálẹ̀ bí ẹyọ ti wálẹ̀. Ó tún wà níbi tí ọkọ̀ ń gúnlẹ̀ sí, nítorí náà òun ló ń kọ́kọ́ gbọ́ pé ẹyọ púpọ̀ ń bọ̀. Ará oko tó wà ní ìrìn ọjọ́ mẹ́ta sí etíkun kò ní gbọ́ títí yóò fi dé ọjà, tí wọn yóò sì sọ fún un pé iye tí òun mọ̀ kọ́ ni wọ́n ń ta aṣọ mọ́.

Èsúsú pàápàá kò bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Èsúsú ti wà láàárín wa tipẹ́, ohun ìdọ́gba sì ni: iye kan náà ni gbogbo wa ń dá, iye kan náà ni oníkálukú ń kó. Ṣùgbọ́n bí owó bá ń wálẹ̀, ẹni tó kọ́kọ́ kó kó owó tó lágbára, ẹni tó kó kẹ́yìn kó iye kan náà tí kò lè ra nǹkan kan náà mọ́. Kò sí ẹni tó rẹ́ ẹlòmíràn jẹ nínú ẹgbẹ́, síbẹ̀ ọ̀kan jèrè, èkejì sì pàdánù.

Ẹnìkan lè bi wá pé, ẹni tó jẹ gbèsè ńkọ́? Ṣé gbèsè tí a kà ní ẹyọ kò fúyẹ́ fún un ni? Ìbéèrè tó dára ni. Òótọ́ ni pé nígbà tí owó bá wálẹ̀, onígbèsè ló sábà máa ń rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n ẹ rántí ìwọ̀fà. Tálákà tó yá owó, iṣẹ́ ara rẹ̀ tàbí ti ọmọ rẹ̀ ni ó fi ń san èlé, títí di ọjọ́ tí yóò san owó náà tán. Ẹyọ lè wálẹ̀, iṣẹ́ oko kò wálẹ̀. Òwúrọ̀ kan tí ìwọ̀fà fi ro oko olówó ní 1850, oko kan náà ni ó ń ro ní 1880. Ẹni tó gba iṣẹ́ ọwọ́ ní èlé ti fi ọgbọ́n dáàbò bo ara rẹ̀, onígbèsè kò sì rí èrè tó yẹ kó rí.

Nígbà tí owó epo náà ṣubú

Bí ìyà ẹyọ ti ń lọ lọ́wọ́ ni èkejì dé. Ní àwọn ọdún 1850, tọ́ọ̀nù epo pupa kan ń tà ju £40 lọ ní Liverpool. Nígbà tó máa fi di ìparí àwọn ọdún 1880, kò ju bí £20 lọ. Wọ́n ti rí epo rọ̀bì nínú ilẹ̀ Amẹ́ríkà láti 1859. Wọ́n ti gbẹ́ ọ̀nà omi Suez ní 1869, epo àti èso láti Éṣíà sì ń dé Yúróòpù kíákíá. Ọkọ̀ òkun onínà, tó bẹ̀rẹ̀ sí í ná etíkun wa déédéé ní 1852, jẹ́ kí àwọn oníṣòwò kéékèèké wọlé, ìdíje sì le.

Ta ló ru ẹrù náà? Ilé òwò dín iye tí wọ́n ń san fún oníṣòwò etíkun, oníṣòwò etíkun dín ti alárobọ̀, alárobọ̀ sì dín ti ìyá tó gbé epo wá láti oko. Òun kò ní ẹni tí yóò dín tirẹ̀ fún. Ohun tó kù fún un ni pé kí ó fún epo púpọ̀ sí i kí ó lè rí iye tó ń rí tẹ́lẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni ọjà ṣe ń gbòòrò nínú ìwé àwọn òyìnbó, tí tọ́ọ̀nù ń pọ̀ sí i, tí ọwọ́ tó ń fún epo náà kò sì rí ìsinmi.

Faransé dé, owó orí dé

Àjàṣẹ́ kọ́kọ́ wọ abẹ́ ààbò Faransé ní 1863, láyé Ọba Sodji. Èyí kò pẹ́, ṣùgbọ́n wọ́n tún un ṣe ní 1882 láyé Ọba Toffa. Ní 1889, Faransé àti Gẹ̀ẹ́sì jókòó, wọ́n pín ilẹ̀ wa. Kétu bọ́ sọ́dọ̀ Faransé, Ìmẹ̀kọ tó jẹ́ ti Kétu bọ́ sọ́dọ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Àgbómẹ̀ ṣubú ní 1892, àwọn ọmọ Kétu tó wà nígbèkùn sì padà sílé láti tún ìlú kọ́ lórí ahoro.

Ní 1899, ìjọba Faransé gbé owó orí kalẹ̀ ní Dàhòmì. Owó orí kì í béèrè bóyá olówó ni ọ́ tàbí tálákà. Orí kan, owó kan. Fún olówó, owó ọtí ọjọ́ kan ni. Fún ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ tún ilé kọ́ lẹ́yìn ogun, ó lè jẹ́ èrè iṣẹ́ ọ̀pọ̀ ọ̀sẹ̀. Fáráǹkì sì ni ìjọba fẹ́ máa rí lọ́wọ́ àwọn èèyàn. Ibi tí fáráǹkì sì wà ni ọ̀dọ̀ ẹni tó ń ra epo àti èkùrọ́. Nítorí náà ni àgbẹ̀ fi ní láti tà nígbà tí agbowó-orí bá dé, kì í ṣe nígbà tí ọjà bá dára. Gbogbo yín mọ bí ó ti ń rí nígbà tí gbogbo ìlú bá ń tà lọ́jọ́ kan náà. Ẹni tó lè dúró dè é ló ń rà, ẹni tí kò lè dúró ló ń tà.

Ojú irin náà ní ìtàn tirẹ̀. Ọ̀nà rélùwéè láti Kútọnu dé Ṣábẹ̀ẹ́ ní 1911, òmíràn sì gba Àjàṣẹ́ lọ sí Sakété àti Pobè. Ibi tí ojú irin gbà, ọjà là, oníṣòwò kọ́lé síbẹ̀, ẹrù kò fi bẹ́ẹ̀ ná ènìyàn lówó mọ́. Ojú irin kò gba Kétu. Àgbẹ̀ Kétu àti àgbẹ̀ Ṣábẹ̀ẹ́ lè ṣiṣẹ́ bákan náà lórí ilẹ̀ tó jọra, kí èrè wọn má sì jọra, nítorí ibi tí ẹnìkan ní Kútọnu tàbí ní Paris fa ìlà sí lórí àwòrán ilẹ̀. Ìyẹn náà kì í ṣe ọ̀rọ̀ ìka ọwọ́.

Àwọn èèyàn wa kò sì dákẹ́. Nígbà ogun àgbáyé àkọ́kọ́, tí Faransé ń kó àwọn ọ̀dọ́ wọ iṣẹ́ ológun, àwọn ará Ọ̀họ̀rí dìde, ọ̀pọ̀ ilé ní Kétu àti Sakété sì kó ẹrù wọn rékọjá sí apá Gẹ̀ẹ́sì. Ọ̀jọ̀gbọ́n A. I. Asiwaju, tó jẹ́ ọmọ Ìmẹ̀kọ, ti kọ̀wé púpọ̀ lórí bí àwọn baba wa ṣe fi ẹsẹ̀ wọn dìbò báyìí. Ní 1923, Àjàṣẹ́ gbóná. Owó orí ti gòkè, iye ọjà oko sì ti wálẹ̀. Àwọn èèyàn kọ̀ láti san, òwò dẹnu kọlẹ̀, ìjọba kó sójà wọlé. Wọ́n lé Louis Hunkanrin, olùkọ́ àti akọ̀ròyìn tó ti ń bá ìjọba fa ọ̀rọ̀ ẹ̀tọ́ tipẹ́, lọ sí Mauritania, ó sì lo ọdún mẹ́wàá níbẹ̀. Àwọn tó dìde ní 1923 kò sọ pé àwọn kò fẹ́ ọjà. Ọjà ni wọ́n ń jẹ. Ohun tí wọ́n kọ̀ ni pé kí ẹni tí èrè rẹ̀ kéré jù máa ru ẹrù tó wúwo jù.

Láti ẹyọ dé sefá àti náírà

Ẹ̀yin tí ẹ ti dàgbà ní 1994 kò ní nílò kí ẹnikẹ́ni ṣàlàyé owó ẹyọ fún yín. Ní oṣù kìíní ọdún yẹn, àwọn aláṣẹ péjọ sí Dakar, wọ́n sì kéde pé fáráǹkì Faransé kan, tó jẹ́ 50 sefá tẹ́lẹ̀, ti di 100 sefá. Ní ọjọ́ kan ṣoṣo, ìdajì agbára owó wa lójú fáráǹkì lọ. Ìwé ọrọ̀ ajé sọ pé ó ran àwọn tó ń ta òwú sí òkèèrè lọ́wọ́, òótọ́ sì wà nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tó ti kó owó rẹ̀ sí Paris kí ọjọ́ náà tó dé rí i tó di ìlọ́po méjì ní sefá, nígbà tí oògùn ọmọdé tó ti ilẹ̀ òkèèrè wá gbówó lórí mọ́ olùkọ́ tó ń gba owó oṣù lọ́wọ́. Ìyá tó rì owó mọ́lẹ̀ àti oníṣòwò etí ọ̀sà tún pàdé, ní ọ̀rúndún mìíràn.

Lẹ́bàá ẹnubodè, a tún rí i lójú wa. Nàìjíríà ti ẹnubodè pa láti oṣù kẹjọ 2019 títí di oṣù kejìlá 2020. Ní oṣù karùn-ún 2023, ìjọba wọn kéde pé àfikún tí wọ́n ń san sórí epo bẹntiróòlù ti dópin, iye kpayo sì fò sókè ní Àjàṣẹ́ àti ní Kétu. Ní oṣù kẹfà, wọ́n jẹ́ kí náírà máa bá ọjà lọ, ó sì wálẹ̀ gidigidi. Ẹni tó ní sefá lọ́wọ́ wá ń ra ọjà Nàìjíríà ní pọ́ọ́kú. Ẹni tó ń kó ọ̀gẹ̀dẹ̀, ata tàbí ẹran lọ tà níbẹ̀, tí wọ́n ń san náírà fún un, tó sì ń padà wá ná sefá nílé, mọ̀ pé òun àti ọjà ń lọ ṣùgbọ́n òun kò lọ síwájú.

Kí ni ìtàn yìí ń kọ́ wa?

Kò kọ́ wa pé ọjà burú. Láìsí ọjà epo, ọ̀pọ̀ ìyá ìyá wa kò bá má ní owó tí wọ́n pè ní tiwọn. Bẹ́ẹ̀ ni kò kọ́ wa pé kí a máa bẹ̀rù owó tuntun. Ohun tó ń kọ́ wa ni pé bí wọ́n bá sọ fún wa pé ọrọ̀ ajé ń dàgbà, pé tọ́ọ̀nù ń pọ̀ sí i, kí a béèrè ohun mẹ́ta. Inú kí ni ọrọ̀ olówó wà, inú kí sì ni ti tálákà wà? Ta ló ń kọ́kọ́ gbọ́ ìròyìn? Ta ló lè dúró de ìgbà tí ọjà bá dára, ta ni àìní sì ń lé jáde lọ tà lónìí?

Àwọn ohun tó lè mú ìdáhùn wọn yí padà kò ju agbára wa lọ. Ẹgbẹ́ èsúsú lè fi apá kan owó rẹ̀ ra gàrí, àgbàdo tàbí èkùrọ́ pamọ́ dípò kí gbogbo rẹ̀ wà ní owó nìkan. Àgbẹ̀ mẹ́wàá tó ní àká kan náà lè dúró ju àgbẹ̀ kan lọ. Fóònù tó wà lọ́wọ́ ọmọ wa lè jẹ́ kí ìyá tó wà ní abúlé mọ iye tí wọ́n ń tà ní Kútọnu àti iye tí wọ́n ń ṣẹ́ náírà kí ó tó gbé ẹrù sórí. Àwọn aláṣẹ pẹ̀lú ní láti gbọ́ ọ lẹ́nu wa pé owó kan náà lórí gbogbo orí kì í ṣe ìdọ́gba.

Ẹ jọ̀wọ́, a ní ẹ̀bẹ̀ kan. Nínú agboolé yín, bí àgbàlagbà kan bá wà tó gbọ́ nípa ìkòkò owó ẹyọ tí wọ́n hú jáde, tàbí nípa ẹni tó ṣe ìwọ̀fà nítorí owó orí, tàbí nípa ẹbí tó rékọjá sí Ìmẹ̀kọ nígbà náà, ẹ jókòó tì í kí ẹ sì kọ ọ́ sílẹ̀. Ẹ kọ ọdún rẹ̀ bí ẹ bá mọ̀ ọ́n, ẹ kọ iye rẹ̀, ẹ kọ ohun tí wọ́n fi rà. Àwọn oníṣòwò Hamburg àti Marseille kọ ìwé ìṣirò tiwọn, ó sì wà nílẹ̀ títí dòní. Ti ìyá tó pa èkùrọ́ náà yẹ kó wà níbì kan.